Orúkọ Tí Díjà Kò Lè Pè

Ní ọdún tí a dìbò gbogboogbò kẹ́yìn ni, láàárín ẹ̀ẹ̀rùn. Epo ọkọ̀ ṣọ̀wọ́n ní Ọ̀fà, kẹ̀kẹ́ ò kájú èrò, ọkàn ìlú ò sì balẹ̀. Ní ọ̀sẹ̀ díẹ̀ ṣáájú, àwọn ajínigbé gbé àgbẹ̀ kan lójú ọ̀nà Òjókù. Ọkùnrin náà padà wálé láàyè, ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà, kò sẹ́ni tó lè dárúkọ Fúlàní ní Ọ̀fà kí ohùn rẹ̀ má yí padà.

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń wọ inú ìjàgbara máa ń bi mí pé ìjà wo ló dùn mí jù. Ẹ máa ń rò pé ìyanṣẹ́lódì àwa olùkọ́ ni màá dárúkọ, nígbà tí mo jẹ́ akọ̀wé ẹ̀ka ẹgbẹ́ wa, tí a fẹsẹ̀ rìn lọ sí ọ́fíìsì ìjọba ìbílẹ̀, tí ọlọ́pàá yin afẹ́fẹ́ tajútajú lù wá. Ìyẹn kò dùn mí tó ọjọ́ kan tí mo kàn dúró lábẹ́ igi máńgò, tí ẹnikẹ́ni kò nà mí.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ ẹni tí ọ̀rọ̀ kàn. Díjà ni wọ́n ń pè é, oníwàrà ni. Gáà Ìdígbá ló ń gbé, abúlé àwọn Fúlàní onímàlúù tó wà lẹ́yìn oko, láàárín Ọ̀fà sí Òjókù. Nígbà tí ìjọba gbé mi lọ kọ́ni ní ilé-ẹ̀kọ́ àwọn ọmọ darandaran níbẹ̀, òun ló kọ́ mi ní èdè wọn, èmi náà sì kọ́ ọ ní a-bí-dí. Ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni mo ti mọ̀ pé omi ewé bòmubòmu ni wọ́n ń ta sí wàrà kó tó dì, pé bí ó bá pọ̀ jù, wàrà á korò, pé bí iná bá le jù, á fọ́. Apẹ̀rẹ̀ kékeré tí wọ́n fi ń sẹ́ ẹ ló ń fún un ní ìlà tí ẹ máa ń rí lára rẹ̀ lọ́jà. Lọ́dọ̀ rẹ̀ náà ni mo ti mọ màlúù funfun oníwo gígùn yàtọ̀ sí pupa, mo sì mọ ìdí tí wọ́n fi ń ta okùn ọmọ màlúù sáàárín agboolé: apá kan ti ọkùnrin, apá kejì ti obìnrin. Ìmọ̀ yìí kò sí nínú ìwé tí wọ́n fi kọ́ mi, èmi fúnra mi ni mo ń wá a kiri, n kò sì lè fi í pamọ́.

Bàbá bàbá Díjà ló kọ́kọ́ dé sí Ìdígbá. Àgbẹ̀ ará Òjókù kan ló ní kó wá máa da màlúù rẹ̀ sùn sórí ilẹ̀ òun ní ẹ̀ẹ̀rùn, nítorí ilẹ̀ tí màlúù bá yàgbẹ́ sí, iṣu ibẹ̀ á ta. Àdéhùn àgbẹ̀ àti darandaran nìyẹn. Ibẹ̀ ni wọ́n bí bàbá Díjà sí, ibẹ̀ ni wọ́n bí Díjà sí, ibẹ̀ ni wọ́n sin ìyá rẹ̀ sí. Bó bá ń sọ Yorùbá lẹ́yìn ògiri, ẹ máa rò pé ọmọ Òjókù ni.

Mo mọ ohun tí ará Ọ̀fà máa sọ. Ogun tí àwọn Fúlàní orí ìtẹ́ Ìlọrin gbé ja Ọ̀fà jẹ́ ohun tí ìyá-ìyá wa sọ fún wa, a ò sì gbàgbé. Ṣùgbọ́n Fúlàní orí ìtẹ́ ọ̀tọ̀, Fúlàní ẹ̀yìn màlúù ọ̀tọ̀. Èyí tó ń gun ẹṣin kò fi ìgbà kankan pín ẹran jẹ pẹ̀lú èyí tó ń fẹsẹ̀ rìn.

Ohun tó jẹ́ kí ọ̀rọ̀ wọn wọ̀ mí lára ni pé lásìkò náà ni mò ń kà nípa àwọn Roma. Èèyàn ilẹ̀ Yúróòpù ni wọ́n, ṣùgbọ́n ìran wọn ti Íńdíà rìn dé ibẹ̀ láti ayébáyé. Alágbẹ̀dẹ wà nínú wọn, olùtajà ẹṣin wà níbẹ̀, onílù àti onígòjé náà wà níbẹ̀. Orúkọ tí kì í ṣe tiwọn ni ìlú ń pè wọ́n. Bí adìẹ bá sọnù, àwọn ni. Bí ọmọ bá sọnù, àwọn náà ni. Ìlú kan lé wọn sí èkejì, èkejì lé wọn padà, títí ìjọba Jámánì fi kó wọn pa rẹpẹtẹ nígbà ogun àgbáyé. Ní ilẹ̀ Ireland, àwọn alárìnká mìíràn wà tí wọn kì í ṣe Roma, tí wọ́n ń gbé inú ilé onítáyà, tí ojú tí ìlú fi ń wò wọ́n kò sì yàtọ̀. Mo ka èyí tán, mo gbé fóònù sílẹ̀, mo ní: mo mọ àwọn wọ̀nyí. Lọ́jọ́ ọjà, mo máa ń ra wàrà lọ́wọ́ wọn.

Lọ́dún náà, ọ̀kan nínú àwọn tó ń du ipò aṣòfin ìpínlẹ̀ ń sọ ní gbangba pé bí òun bá wọlé, kí òjò tó rọ̀, òun á palẹ̀ gbogbo gáà mọ́. Àwọn èèyàn ń pàtẹ́wọ́. Gbogbo alángbá ló dakùn délẹ̀, a ò mọ èyí tí inú ń run. Ṣùgbọ́n ẹ̀rù kì í jẹ́ kí èèyàn ya alángbá sọ́tọ̀. Nígbà tó yá, ohùn kan ń lọ láti fóònù dé fóònù pé wọ́n ti kó Fúlàní láti orílẹ̀-èdè Níjẹ̀, ọkọ̀ akẹ́rù kún fọ́fọ́, wọ́n ti já wọn sílẹ̀ nítòsí ibùdókọ̀ ojú irin kí wọ́n lè wá dìbò. Mo gun ọ̀kadà lọ wò ó. Àlùbọ́sà ni. Mo ra díẹ̀, mo gbé e padà, mo ń fi han èèyàn. Ẹnì kan ní, “Ìyá Tíṣà, ṣé ẹ wo abẹ́ àlùbọ́sà náà?”

Mo lọ sí gáà lọ́sàn-án ọjọ́ kan. Àwọn ọkùnrin ní àwọn ò ní jáde dìbò. Díjà jẹ́ kí wọ́n sọ̀rọ̀ tán.

Ó ní, “Wọ́n fẹ́ fi ìbò lé mi kúrò lórí sàárè ìyá mi, ẹ ní kí n jókòó sílé? Ìyá Tíṣà, ṣé ẹ máa wà níbẹ̀?”

Mo ní, “Màá wà níbẹ̀.”

Olùwòye ni mí fún ẹgbẹ́ kékeré kan tó ń ṣọ́ ìbò. Wọ́n fún mi ní ẹ̀wù olùwòye, wọ́n sì kìlọ̀ fún mi pé n kò gbọdọ̀ dá sí ohunkóhun. Ibùdó ìdìbò wa jẹ́ ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ tí àwọn ará abúlé Yorùbá àti àwọn ará gáà jọ ń lò. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, mo dúró sábẹ́ igi máńgò inú ọgbà ilé-ẹ̀kọ́ náà. Títí oòrùn fi mú, n kò rí aṣọ Fúlàní kan lójú ọ̀nà. Ìgbà tí mo ti sọ ìrètí nù ni mo rí wọn tí wọ́n tò wá láti àárín ẹ̀gẹ́, Díjà níwájú, àwọn obìnrin lẹ́yìn rẹ̀, ọkùnrin díẹ̀ lẹ́yìn pátápátá. Wọ́n tò sórí ìlà láìwo ojú ẹnikẹ́ni.

Ràṣídì, aṣojú ẹgbẹ́ òṣèlú ẹni tó fẹ́ palẹ̀ gáà mọ́, ló kọ́kọ́ dìde. Mo ti kọ́ ọ nígbà kan rí. Ìgbà tí ó kan Díjà ló na ọwọ́ sókè.

Ó ní, “Mi ò gbà! Èyí kì í ṣe ará ibí. Káàdì tó mú dání, ti ẹlòmíì ni.”

Ọ̀gá ibùdó jẹ́ agùnbánirọ̀, ọmọbìnrin kan tó ti Òkè Ọya wá, tó sì gbọ́ Yorùbá dáadáa. Ó wo káàdì, ó wo Díjà. Ó rò pé òun á fi ìbéèrè tó rọrùn jù lọ parí ìjà kó tó kan ẹ̀rọ ìtẹ̀ka.

“Màmá, ẹ má bínú. Kí lorúkọ ọkọ yín?”

Díjà wo ilẹ̀.

Mo mọ̀ pé kò sí obìnrin gáà kan tó máa pe orúkọ ọkọ rẹ̀. Ìtìjú ni, ọ̀wọ̀ ni, ohun tí ìyá wọn fi tọ́ wọn ni. Bó bá ń gbé oúnjẹ ọkọ náà sílẹ̀ pàápàá, “òun” nìkan ló máa ń pè é.

Ọ̀gá ibùdó rí i pé ojú ń ti obìnrin náà. Ó fẹ́ ṣàánú rẹ̀. “Ó dáa, ẹ fi ìyẹn sílẹ̀. Orúkọ àkọ́bí yín ńkọ́?”

Mo pa ojú mi dé. Nínú gbogbo orúkọ tó wà láyé, ìkejì tí ìyá Fúlàní kì í pè nìyẹn. Ì bá bi í ní orúkọ màlúù, Díjà ì bá kà wọ́n títí ilẹ̀ á fi ṣú.

Ariwo sọ. “Kò mọ ọkọ! Kò mọ ọmọ!” “Ẹ bi í bóyá ó mọ Níjẹ̀!”

Mo ní, “Ẹ jọ̀ọ́, àṣà wọn ni, wọn kì í—”

Ràṣídì yíjú sí mi. “Tíṣà, ẹ dákun. Olùwòye lẹ jẹ́. Ojú ni wọ́n ní kẹ́ ẹ lò, wọn ò ní kẹ́ ẹ lo ẹnu!”

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ọlọ́pàá wò mí lẹ́ẹ̀kan, mo padà sábẹ́ igi máńgò. Àwọn ọ̀dọ́ kan tó wà lórí ọ̀kadà lójú títì bẹ̀rẹ̀ sí í fọn fèrè, wọ́n ń gbé ẹ́ńjìnnì sókè sódò, wọ́n ń kọjá, wọ́n ń padà. Díjà kò kúrò lórí ìlà. Ó di etí gèlè rẹ̀ mú, ó dúró bí òpó.

Alhaja Ráfátù, arúgbó kan láti abúlé, ti dìbò tirẹ̀, ó jókòó sórí àga lábẹ́ máńgò kó fi sinmi. Ó fi ọ̀pá kan ilẹ̀.

“Ràṣídì, wá. Kí ni ìyá rẹ ń pe bàbá rẹ?”

“Alhaja, ọ̀rọ̀ ìbò la ń sọ.”

“Èmi náà ń sọ ìbò. Kí ló ń pè é?”

Ràṣídì họ orí. “Akọ̀wé.”

“Ṣé Akọ̀wé ni wọ́n sọ ọ́ lọ́jọ́ ìsọmọlórúkọ? Èmi ni mo gbé ìyá rẹ wọlé ọkọ. Bàbá rẹ kú, wọ́n sin ín, n kò gbọ́ orúkọ yẹn lẹ́nu ìyá rẹ rí. Ẹ lọ gbé òun náà wá kẹ́ ẹ bi í. Bí kò bá dáhùn, kẹ́ ẹ dá a padà sí Níjẹ̀!”

Ẹ̀rín bú lábẹ́ máńgò. Obìnrin kan ní, “Alhaja, ẹ̀yin ńkọ́, kí lẹ ń pe tiyín?” Ó ní, “Aṣebi ni mò ń pè é, ṣùgbọ́n ìyẹn ò sí lára káàdì.”

Ọ̀gá ibùdó náà rẹ́rìn-ín, ìgbà àkọ́kọ́ láti àárọ̀. Ó béèrè bóyá ẹlòmíràn lè bá Díjà dáhùn. Múúsá, àbúrò ọkọ rẹ̀, jáde láti ẹ̀yìn ìlà, ó pe orúkọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀, ó pe ti àkọ́bí. Bí orúkọ ọkọ náà ti jáde, Díjà yíjú kúrò, ó fi gèlè bo ẹnu bí ọmọge. Àwọn obìnrin Yorùbá tó rí i ní, “Háà, ọkọ rẹ̀ ni!” Orúkọ ọkọ náà ló tẹ̀lé tirẹ̀ lára káàdì, ó sì bá a mu. N kò ní kọ orúkọ náà síbí, nítorí ọmọ rẹ̀ lè kà á sí i létí.

Ẹ̀rọ mọ ìka rẹ̀. Díjà tẹ ìka, ó ju ìwé ìbò sínú àpótí, ó sì yíjú padà láti pe àwọn èèyàn rẹ̀.

Kò sẹ́ni lẹ́yìn rẹ̀ mọ́ àfi Múúsá. Nígbà tí a ń jiyàn orúkọ, tí ọ̀kadà ń lọ tí ó ń bọ̀, ọ̀kọ̀ọ̀kan ni àwọn ará gáà ń yọ́ padà sínú ẹ̀gẹ́. Mo sáré dé etí oko, mo ń pè wọ́n. Ewé nìkan ló ń mì.

Nígbà tí mo padà, Ràṣídì ti jókòó, ó ń bó ọsàn. Ó ní, “Tíṣà, ẹ kú oríire. Màmá ti dìbò.”

Ìgbà náà ni mo tó mọ̀ pé kò fi ìgbà kan bìkítà nípa ìdáhùn. Ìbéèrè ló nílò. Ìjàkadì lorò Ọ̀fà, a mọ bí wọ́n ṣe ń di èèyàn mú láìgbé e ṣubú. Gbogbo ọjọ́ ayé mi ni mo ti ń ṣọ́ àpótí ìbò pé wọn ò gbọdọ̀ gbé e sá; lọ́jọ́ yẹn, àpótí wà níwájú mi, kò sẹ́ni tó fọwọ́ kàn án, wọ́n sì jí ìbò lọ.

Ẹni tó fẹ́ palẹ̀ gáà mọ́ wọlé. Kò palẹ̀ rẹ̀ mọ́. Ó dà bíi pé ó ti gbàgbé. Ṣùgbọ́n ìdílé bíi mélòó kan di ẹrù wọn kí òjò tó rọ̀, wọ́n da màlúù gba ọ̀nà Ọ̀yọ́, wọn ò dágbére fún ẹnikẹ́ni. Ohun tí a rí jèrè kò ju èyí lọ: Alhaja Ráfátù àti Díjà ń bẹ ara wọn wò, àwọn obìnrin abúlé sì ti ní àwọn á tẹ̀lé àwọn ti gáà lórí ìlà nígbà mìíràn, ọ̀kan Yorùbá, ọ̀kan Fúlàní, kí ẹni tó bá fẹ́ bi ọ̀kan bi gbogbo wọn. A ti béèrè fún ibùdó ìdìbò nínú gáà. Wọn ò tíì dá wa lóhùn. N kò mọ̀ bóyá Díjà á tún jáde, ìyẹn ni kì í jẹ́ kí ọkàn mi balẹ̀ bí ìbò ti ń sún mọ́lé.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá mo bá a nídìí ìkòkò wàrà. Mo ń sọ̀rọ̀ ìbò tó ń bọ̀, ó ń ki igi bọ iná. Ìgbà tó yá, ó ní:

“Ìyá Tíṣà, níbo ni wọ́n bí ẹ̀yin sí?”

“Kùmásí ni, ní Gánà. Òwò ni àwọn òbí mi ń ṣe níbẹ̀. Nígbà tí ìjọba ibẹ̀ ní kí àlejò máa lọ ni wọ́n gbé mi wá sí Ọ̀fà. N kò gbọ́ Yorùbá dáadáa nígbà náà.”

Ó ro wàrà díẹ̀.

“Bí ẹ bá lọ dìbò l'Ọ̀fà, kí ni wọ́n máa ń bi yín?”

“Wọn ò bi mí ní nǹkan kan rí.”

Ó mi orí, ó fa igi kan jáde kúrò nínú iná kí wàrà má baà fọ́.