Bí Wọ́n Ṣe Pín Ìwé Bàbá Mi

Òórùn kòkó tí wọ́n sá sẹ́bàá títì ní Àpòmù, òórùn kíkan tó máa ń wọ aṣọ tí kì í fẹ́ lọ, òun ló máa ń kún yàrá bàbá mi. Ẹ̀gbẹ́ fèrèsé tó kọjú sí kòkó yẹn ló máa ń jókòó sí kọ̀wé. Ó ti kọ́ni ní físíìsì ní yunifásítì fún ìgbà pípẹ́, ṣùgbọ́n ìgbà tó fẹ̀yìn tì wálé, ní ìparí àwọn ọdún 1980, ló tó ráyè kọ ìwé tó wù ú: ìtàn àwọn tó kọ́kọ́ ronú nípa bí ayé ṣe rí, ihò dúdú ojú ọ̀run tó ń gbé ìmọ́lẹ̀ mì, àti ohun tó wà ní gbùngbùn átọ́ọ̀mù. Yorùbá ló fi kọ gbogbo rẹ̀. Èmi tí mo ń ka físíìsì lọ́wọ́ nígbà náà ló máa ń kà á fún, a ó sì máa jiyàn lórí ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo títí oúnjẹ yóò fi tutù. Mo fẹ́ràn ọkùnrin yẹn gan-an, ọ̀rẹ́ mi ni.

Ó kú kí a tó gbé ìwé náà lọ sọ́dọ̀ àwọn atẹ̀wé. Lẹ́yìn fìdáù ọjọ́ kẹjọ, wọ́n kó ogún jáde sí ọ̀dẹ̀dẹ̀. Ìyá wa ti ṣaláìsí, ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin àti èmi nìkan ló kù, nítorí náà, bí òfin ẹ̀sìn Ìsìláàmù ṣe wí, ìpín méjì jẹ́ tirẹ̀, ọ̀kan jẹ́ tèmi tí mo jẹ́ obìnrin. N kò bá ẹnikẹ́ni jà lórí ilẹ̀ tàbí agbádá. Àfi ìgbà tí ẹ̀gbọ́n bàbá mi gbé ìwé náà síta pé kí wọ́n pín òun náà.

Ààfáà tó ń pín ogún kò fẹ́. "Alájì, ẹ jẹ́ kí ẹni tó mọ̀ ọ́n kà mú un."

"Ṣé ìwé kì í ṣe ogún ni?" ni ẹ̀gbọ́n bàbá mi wí. "Tá a bá kó gbogbo ẹ̀ fún obìnrin, ilé ọkọ ló máa gbé e lọ."

Mo kúnlẹ̀. "Ẹ jọ̀ọ́, Bàbá, ìwé kan ṣoṣo ni, kò ní ẹ̀dà. Tẹ́ ẹ bá ti pín in, kò wúlò fún ẹnikẹ́ni mọ́."

Ẹ̀gbọ́n bàbá mi ti ń pín ojú ewé rẹ̀ sí ọ̀nà mẹ́ta. Ẹ̀gbọ́n mi, tí kò ka ojú ewé kan rí nínú rẹ̀, ń wo ilẹ̀. Gbólóhùn kan lẹ́nu rẹ̀ ì bá parí ọ̀rọ̀ náà, kò sọ ọ́. Wọ́n fún mi ní ìdá kan tó wà lókè, wọ́n fi okùn di ìdá méjì tó kù fún un. Gbólóhùn tó gbẹ̀yìn lọ́wọ́ mi kà báyìí: "Bí ìmọ́lẹ̀ bá dé etí ihò dúdú, ohun tí yóò ṣẹlẹ̀ sí i ni pé". Ó parí síbẹ̀.

Inú bí mi débi pé n kò lè sunkún. Ẹ̀gbọ́n mi gbé tirẹ̀ lọ sí Ìkirè, níbi tó ti ń ta sìmẹ́ńtì, ó jù ú sí ilé ìkẹ́rùsí. Gbogbo ìgbà tí mo bá lọ bẹ̀ ẹ́, ìdáhùn kan náà ni: "Ìpín mi ni." Nígbà tó yá, ó ránṣẹ́ pè mí pé kí n wá kó o. Ikán ti jẹ ẹ́ tán.

"Mo gbàgbé pé ó wà níbẹ̀," ló wí.

Ká ní ìlara ló fi dáná sun ún ni, ǹ bá mọ̀ pé ó mọ iyì rẹ̀.

Èmi náà ń kọ́ni ní físíìsì báyìí. Àwọn èèyàn máa ń ní kí n parí ìwé náà fúnra mi, torí mo mọ ohun tó ń ṣẹlẹ̀ sí ìmọ́lẹ̀ létí ihò dúdú. Mo mọ̀ ọ́n lóòótọ́. Ohun tí n kò mọ̀ ni bí bàbá mi ṣe sọ ọ́, n kò sì ní dárí ìyẹn ji ẹnikẹ́ni.