Ọjọ́ Tí Ìyá Ọkọ Mi Wọ Rélùwéè Inú Ihò

Nígbà tí bàbá ọkọ mi kú ní Àbíjàn, ìyá ọkọ mi ò sunkún. Ohun tí àwọn tó bá wọn wálé sọ fún wa nìyẹn, àwa náà sì rí i pé òótọ́ ni. Màmá sọ̀ kalẹ̀ nínú bọ́ọ̀sì, wọ́n kí gbogbo wa lọ́kọ̀ọ̀kan, wọ́n béèrè àlàáfíà ọmọ, wọ́n sì ní ká gbé ẹrù àwọn wọlé kí òjò tó dé.

Àwọn ará àdúgbò wa ní Ẹ̀jìgbò ń yìn wọ́n. Wọ́n ní obìnrin tó gba kádàrá nìyí, obìnrin tí àyà rẹ̀ le. Èmi tí a jọ ń gbé inú ilé kan náà ò lè bá wọn yin Màmá. Bí mo bá gbé oúnjẹ síwájú Màmá, òkèlè díẹ̀ ni wọ́n á bù, wọ́n á ti abọ́ sẹ́yìn.

"Màmá, ẹ ẹ̀ tíì jẹun."

"Ó tó, ìyàwó mi. Ó ti tó."

Bí àlejò bá wá kí wọn, wọ́n á dáhùn, wọ́n á tiẹ̀ rẹ́rìn-ín, ṣùgbọ́n bí ẹni tó ń bá onílé tí kò sí nílé dáhùn ni.

Wọ́n ti ṣe opó tán nígbà tí Iléyá ọdún náà dé. Ọkọ mi ti ṣèlérí fún ọmọbìnrin wa, tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń pààrọ̀ eyín iwájú, pé lẹ́yìn ọdún òun á mú un lọ sí ọgbà ìṣeré kan ní Ìbàdàn. Ní ayé ìgbà yẹn, ọmọ tó bá débẹ̀ kì í jẹ́ kí ẹlẹgbẹ́ ẹ̀ gbádùn nílé ìwé. Nígbà tó di ọjọ́ tí a fẹ́ lọ, ọmọ ní bí Ìyá Àgbà ò bá lọ, òun náà ò lọ. Mo rò pé Màmá á kọ̀. Gèlè ni wọ́n wé, wọ́n sì jáde.

Ní ọgbà náà, ọmọ ò wo ọ̀tún, kò wo òsì. Ọ̀dọ̀ rélùwéè inú ihò ló fà wá lọ. Ilé ńlá kan ni, tí wọ́n fi sìmẹ́ńtì mọ bí àpáta. Ẹnu ọ̀nà rẹ̀ dà bí ẹnu ẹranko tó yanu, teyín teyín. Irin ọkọ̀ gba ẹnu yẹn wọlé, ó gba ẹ̀gbẹ́ kejì jáde. Àwọn tó ti wọ̀ ọ́ rí sọ pé òkùnkùn ni inú ibẹ̀, pé ère kìnnìún àti iwin wà níbẹ̀ tí iná pupa ń ṣẹ́jú lójú wọn, pé ọkọ̀ náà á rọra gun òkè, á sì ṣàdédé já wálẹ̀. Láti ìta la ti ń gbọ́ igbe àwọn tó wà nínú ẹ̀.

Ọkọ mi ti lọ tò níbi tí wọ́n ti ń ta oúnjẹ. Ọkùnrin tó ń mójú tó ọkọ̀ wo ikùn mi, torí oyún èkejì ti yọ síta dáadáa.

"Àǹtí, ẹ má bínú. Aláboyún ò lè wọ̀ ọ́. Ọmọ yìí náà ò sì lè dá wọ̀ ọ́ láìsí àgbà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹ̀."

Ojú ọmọ rọ̀, ètè ẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í gbọ̀n. Ibẹ̀ ni Màmá ti sún mọ́ wa.

"Ṣé arúgbó lè wọ̀ ọ́?"

"Bí àyà yín bá le, Màmá."

Wọ́n yíjú sí mi. "Wọ́n ní àyà mi le, àbí bẹ́ẹ̀ kọ́, ìyàwó mi?" Wọ́n ká ìró wọn, wọ́n gbé ẹsẹ̀ wọlé, ọkùnrin náà sì de bẹ́líìtì mọ́ àwọn méjèèjì.

Ohùn àwọn ọmọdé ni mo kọ́kọ́ gbọ́. Lẹ́yìn náà ni ohùn kan là láàárín wọn, ohùn àgbàlagbà obìnrin, tó wúwo, tó sì gùn. Kì í ṣe igbe ẹ̀rù. Bí wọ́n ṣe ń ké nílé òkú ni.

"Ọkọ mi o! Ẹ ò dúró dè mí! Ẹ ò dúró dè mí o!"

Àwọn tó dúró sítòsí ń rẹ́rìn-ín. Wọ́n rò pé ẹ̀rù ló ń ba ìyá arúgbó. Èmi di irin tó wà níwájú mi mú.

Nígbà tí ọkọ̀ jáde, gèlè Màmá ti já bọ́ sí ọrùn, gbogbo ojú wọn tutù. Ọmọ mi di ọwọ́ wọn mú.

"Mọ́mì, Ìyá Àgbà pariwo ju gbogbo wa lọ!"

"Màmá, ẹ pẹ̀lẹ́. Ẹ jẹ́ kí n dì yín mú."

Wọ́n mí kanlẹ̀. "Ṣé wọ́n máa ń jẹ́ kéèyàn tún un wọ̀?"

Ọkùnrin náà wo ojú wọn, ó wo tèmi. Ó ṣí ìjókòó tó kẹ́yìn fún wọn, kò fi ẹnikẹ́ni tì wọ́n. Màmá dá wọlé lẹ́ẹ̀kejì. Igbe yẹn tún dún, ṣùgbọ́n nígbà tó máa fi parí, ó ti di ẹkún lásán.

A jókòó sábẹ́ igi dóńgóyárò. Ọmọ ń fi iyanrìn ṣeré. Láìjẹ́ pé mo béèrè, Màmá bẹ̀rẹ̀ sí í sọ ọ́.

"Mo lọ ra ọjà ní Bùwàkẹ́, ìlú tó jìnnà sí Àbíjàn. Kí n tó dé, wọ́n ti sin bàbá. Àwọn àgbà ní kí n má ké, pé kí n fi í fún Ọlọ́run. Mo fi í fún Ọlọ́run. Ṣùgbọ́n ilé àjèjì la wà, ògiri fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ ló pààlà àwa àti aládùúgbò. Mo ní kí n dé ilé ná. Ìgbà tí mo délé, ẹ ti tò sẹ́nu ọ̀nà, ẹ ń yìn mí. Ta ni mo tún fẹ́ ké sí létí?" Wọ́n nu imú. "Nínú ihò yẹn, gbogbo èèyàn ló ń ké. Kò sẹ́ni tó wo ojú mi."

Mo gbé ọwọ́ lé wọn lẹ́yìn, mo ń rọra fi ra ẹ̀yìn wọn. Wọ́n wá ń sọ fún mi bí bàbá ṣe máa ń bá àwọn jà sí ìrẹsì tó jó mọ́ ìdí ìkòkò, bí wọ́n ṣe ń pariwo Faransé lé àwọn oníbàárà lórí nígbà tí bàbá fúnra wọn ò tíì gbọ́ ọ dáadáa. Ìgbà tí ọkọ mi padà dé, Màmá gba oúnjẹ lọ́wọ́ ẹ̀, wọ́n sì jẹ ẹ́ tán. Ọkọ mi ń wò wọ́n, ó ń wò mí.

"Kí lẹ ṣe fún ìyá mi?" ló bi mí nígbà tí a ń padà sídìí ọkọ̀.

"Ọmọ yín ni wọ́n bá wọ rélùwéè."

Mi ò ní sọ pé ìbànújẹ́ tán lọ́jọ́ yẹn. Wọ́n ṣì máa ń dákẹ́ nígbà mìíràn, tó jẹ́ pé bí a bá pè wọ́n, wọn ò ní gbọ́. Ṣùgbọ́n láàárín ọ̀sẹ̀ yẹn ni wọ́n wọ ilé ìdáná wá bá mi, wọ́n tọ́ ọbẹ̀ mi wò, wọ́n ní ó pẹ́ tí iyọ̀ ti ń dùn mí ná. Nígbà tí mo bímọ, àwọn ni wọ́n wẹ̀ ẹ́. Nígbà tó yá, wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í ra ẹ̀gẹ́ láti Ifẹ̀-Ọ̀dàn, wọ́n ń fi ṣe àtíkẹ́, oúnjẹ ẹ̀gẹ́ tí wọ́n ti kọ́ ní Àbíjàn, àwọn tó ti dé ọ̀hún rí sì ń wá rà á láti Màsífà.

Lẹ́yìn ọdún mélòó kan, ìyá tó bí èmi náà kú. Èrò kún ilé, gbogbo wọn ń sọ fún mi pé kí n mọ́kàn le. Màmá dé láti ọjà, wọn ò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀. Wọ́n fà mí wọ yàrá wọn, wọ́n ti ilẹ̀kùn, wọ́n sì jókòó, wọ́n fẹ̀yìn tì í.

"Kò sẹ́ni tó máa wọlé," ni wọ́n wí. "Ké, ọmọ mi."

Mo ké. Nígbà tí mo ṣe tán, wọ́n dìde lọ pọn omi wá kí n fi bọ́jú.