Bàbá Àgbà Sàfú Nínú Fíìmù Òyìnbó

Nígbà tí mo ṣì kéré, tí a ń gbé nítòsí Kofar Doya ní Sókótó, mo ní ọ̀rẹ́ kan tó ń jẹ́ Sàfú. Ìlọrin ni wọ́n ti wá, àwa wá láti Ògbómọ̀ṣọ́. Bàbá rẹ̀ ń ránṣọ, bàbá tèmi ń lẹ táyà. A jọ ń pọnmi, a sì jọ ń jẹ kósáì, àkàrà àwọn Haúsá. Ẹ̀yin ẹgbẹ́ mi á rántí bí ata rẹ̀ ṣe ń ta ètè. Ohun kan ṣoṣo ni Sàfú ní tí n kò ní.

Ahunṣọ ni bàbá bàbá rẹ̀. Kí ogun àgbáyé kejì tó bẹ̀rẹ̀, àwọn òyìnbó kó òun àti àwọn oníṣẹ́ ọwọ́ mìíràn lọ sí ìlú wọn, síbi ìpàtẹ ńlá kan tí gbogbo ayé wá wò. Ibẹ̀ ló ti ń hunṣọ lójú èrò tí wọ́n fi ká a sínú fíìmù. Sàfú kì í jẹ́ ká gbàgbé. Bí mo bá pa ayò rẹ̀, á kàn dá mi lóhùn pé, "Ṣé wọ́n ti ká bàbá àgbà tìẹ sínú fíìmù rí?"

Owú náà kò jẹ́ kí n gbádùn. Lọ́jọ́ kan, mo bá bàbá mi nídìí iṣẹ́, mo bi wọ́n pé ta ni wọ́n ká sínú fíìmù nínú ìdílé tiwa.

Wọ́n rẹ́rìn-ín. "Oko yangan ni bàbá mi ń ro. Ta ló máa gbé kámẹ́rà wá síbẹ̀?"

Mo bú sẹ́kún, mo ní ilé Sàfú ni ì bá dára kí wọ́n bí mi sí. Màmá mi gbọ́. Wọ́n ní kí n kúnlẹ̀, kí n nawọ́ sókè nínú oòrùn. "A kì í bínú orí ká fi fìlà dé ìbàdí," ni wọ́n wí, wọ́n sì ń ṣa ìrẹsì wọn lọ.

Láìpẹ́ yìí, ọmọ mi obìnrin rí fíìmù àtijọ́ kan lórí fóònù, irú ìpàtẹ bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ti yà á. Mo pe Sàfú, tó ń gbé ní Wamakko, lẹ́yìn ìlú Sókótó níbí, báyìí. Ó wọ kẹ̀kẹ́ wá, a sì jókòó wò ó. Ahunṣọ kan wà níbẹ̀, ṣùgbọ́n wọn kò fi ojú rẹ̀ hàn, ọwọ́ rẹ̀ nìkan là ń rí lára òwú. Sàfú na ìka sí fóònù náà.

"Wàllahi," ló wí, "wo àtàǹpàkò tó tẹ̀ yẹn. Bí ti bàbá mi ṣe rí gan-an nìyẹn."

Ó ní kí ọmọ mi tún un gbé sí i, ó sì ń nu ojú.

Láyé ọjọ́un, ìdílé kan ṣoṣo ló ní ẹni tó wọ fíìmù ní gbogbo àdúgbò wa. Lónìí, àwọn ọmọ-ọmọ wa ń ya ara wọn, wọ́n ń ya oúnjẹ kí wọ́n tó jẹ ẹ́. Kò sí ẹni tó ń torí ẹ̀ jowú ẹnikẹ́ni mọ́, àfi èmi. Mo di Sàfú lọ́wọ́ mú, mo sì bá a yọ̀. Ṣùgbọ́n bàbá àgbà tèmi gbin yangan títí ó fi kú, n kò sì mọ bí ọwọ́ rẹ̀ ṣe rí.