Ìpín Tèmi Nínú Òwú Àpẹẹrẹ

Ẹni tó bá ti ran òwú rí mọ̀ pé òwú oko kì í mumi. Bó o ju ú sínú igbá omi, á léfòó ni, á máa wò ọ́. Ti ọsibítù kò rí bẹ́ẹ̀. Wọ́n ti sè é, wọ́n ti fọ ọ̀rá ara rẹ̀ dànù. Kó tó kan omi báyìí, ó ti mu ún, ó ti rì. Ìyàtọ̀ náà ò ju bẹ́ẹ̀ lọ, àmọ́ òun ló jẹ́ kí ayé sú mi ní àwọn ọdún tí náírà ṣẹ̀ṣẹ̀ rọ́pò pọ́n-ùn.

Agbẹ̀bí ni mí nígbà náà, wọ́ọ̀dù àwọn abiyamọ ní ọsibítù ìjọba kan ní Ìlọrin ló wà níkàáwọ́ mi. Òwú la fi ń di ara obìnrin tó bá ṣẹ̀ṣẹ̀ bímọ. Èyí tí wọ́n wá ń kó fún wa ò mu nǹkan kan. Ẹ̀jẹ̀ á gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ ṣàn sórí bẹ́ẹ̀dì, ojú á ti obìnrin, àwọn ará ilé rẹ̀ á wá fa àkísà yọ láti inú ẹrù. Àkísà tí wọ́n fi ń sọ ìkòkò kalẹ̀ lórí iná, àkísà tí eku ti sùn lé! Ibẹ̀ ni ibà ń gbà wọlé. Mo ti rí ìyá ọmọ tí ibà yẹn gbé lọ kí wọ́n tó sọ ọmọ rẹ̀ lórúkọ. Gbogbo ohun tí mo ń wá ò ju pé kí wọ́n dá òwú náà padà fún kọngílá tó gba iṣẹ́ kíkó o wá, kí wọ́n ra èyí tó ń mumi.

Mo gbé abọ́ omi lọ bá alága ìgbìmọ̀ tó ń ra ọjà fún ọsibítù. Alhaji ni, èèyàn jẹ́jẹ́. Mo ju òwú sómi níwájú rẹ̀. Ó léfòó.

Ó rẹ́rìn-ín. "Sísítà, ṣé ẹ fẹ́ kọ́ mi ní odò wíwẹ̀ ni?"

"Alhaji, òwú tí ẹ fọwọ́ sí kọ́ nìyí. Ẹ jẹ́ ká gbé àpẹẹrẹ tí kọngílá mú wá síbi ìpàdé jáde, ká ju òun náà sómi."

"Ìyẹn kẹ̀? A ti pín in."

Bí wọ́n ti ń ṣe é nìyẹn. Tí àwọn kọngílá bá ti gbé àpẹẹrẹ ọjà wọn wá, tí ìpàdé sì tú, wọ́n á pín in bí ẹní pín ẹran Iléyá: ọṣẹ fún ẹni yìí, òwú fún ẹni tí ìyàwó rẹ̀ lóyún, bùláńkẹ́ẹ̀tì fún àgbà. Kò sẹ́ni tó kà á sí olè. Ṣé kí ọjà jókòó kó bàjẹ́ ni? Àmọ́ bí àpẹẹrẹ bá ti wọ ilé wọn, kí la tún máa fi wé ohun tí kọngílá kó wá? Ẹni tó mú ojúlówó wá, tó sì dá iye ojúlówó lé e, kì í ríṣẹ́ gbà. Ẹnìkejì rẹ̀ mọ̀ pé àpẹẹrẹ nìkan lòun máa fi ojúlówó ṣe, ó lè dá owó pọ́ọ́kú lé ìyókù, òun niṣẹ́ ń bọ́ sí lọ́wọ́.

Mo ní, "Alhaji, ẹ dákun, bó bá tún yá, ẹ jẹ́ kí òwú àpẹẹrẹ wà lọ́wọ́ mi."

Ó wò mí, ó mi orí bí ẹni tí ọ̀rọ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ yé. "Háà! Ẹ má bínú, Sísítà. Ẹ̀bi wa ni. A ò ní gbàgbé yín mọ́."

Inú mi dùn, mo gbé abọ́ mi padà.

Nígbà tó yá, mẹ́sẹ́njà ọ́fíìsì gbé ìdì òwú kan, tòun ti ìwé orúkọ kọngílá lára rẹ̀, wá bá mi, ẹ̀rín kún ẹnu rẹ̀.

"Sísítà, Alhaji ní ìpín tiyín rèé. Wọ́n ní kẹ́ ẹ má bínú pé àwọn ti ń fò yín."

"Ìpín?"

"Wàlláhì, tiyín tóbi jù. Èmi tí mo rù ú, ọṣẹ ni mo rí."

Wọ́n rò pé ojúkòkòrò ló gbé mi dé ọ́fíìsì! Ó kù díẹ̀ kí n ju ìdì náà lu mẹ́sẹ́njà. Mo ṣẹ́ díẹ̀ sómi, ó rì. Mo wá tì í mọ́ kọ́bọ́ọ̀dù, mo ní ká wo bí kọngílá ṣe máa sẹ́ eléyìí.

Ọjà tí kọngílá náà fẹ́ kó wá ò tíì dé tí wọ́n fi gbé aya àgbẹ̀ kan wá láti abúlé. Ara rẹ̀ ya nígbà tí ọmọ ń bọ̀. Dókítà ń rán an, èmi ni mò ń nu ẹ̀jẹ̀ kó lè ríran, òwú ọwọ́ mi sì kàn ń ti ẹ̀jẹ̀ kiri ni. Ìyá ọkọ rẹ̀ ti ń tú ẹrù lẹ́nu ọ̀nà.

"Nọ́ọ̀sì, ẹ gba èyí, gèlè mi àtijọ́ ni, ó mọ́!"

Dókítà pariwo, "Sísítà, mi ò ríran!"

Mo ṣí kọ́bọ́ọ̀dù. Gbogbo ìdì náà la lò fún un, àyàfi ẹ̀kúnwọ́ kan péré tí mo rí yọ sílẹ̀. Obìnrin náà yè.

Ọjà dé, ó léfòó bíi ti àtẹ̀yìnwá. Mo mú ẹ̀kúnwọ́ mi lọ. Alhaji yí i síwá sẹ́yìn.

"Ta ló máa mọ ibi tí èyí ti wá, Sísítà? Ìdì rẹ̀ ńkọ́, tòun ti ìwé ara rẹ̀?"

"Mo ti lò ó fún aláìsàn, ẹ̀jẹ̀ sì ti ba ìwé rẹ̀ jẹ́."

"Ẹ ti lo ìpín tiyín, àwa náà ti lo tiwa." Ó ń fi inú rere sọ ọ́. "Ẹ ṣe sùúrù. A máa fi kún un fún yín."

Mo padà sí wọ́ọ̀dù, mo gba àkísà lọ́wọ́ àwọn ìyá ọkọ níkọ̀ọ̀kan, mo gbé ìkòkò kaná, mo bẹ̀rẹ̀ sí í sè wọ́n.