Kọ̀ǹpútà Túnráyọ̀ Gun Orí Àpáta

Bí ẹnikẹ́ni bá ń wá ìjà Túnráyọ̀ ní Aládé, kí ó ṣáà bú kọ̀ǹpútà rẹ̀. Windows XP ló wà lórí rẹ̀, ọjọ́ orí rẹ̀ sì ti tó gbé ìyàwó, ṣùgbọ́n òun nìkan ló gbọ́ èdè maṣíìnì tí Túnráyọ̀ fi ń ṣe mọnógíráàmù, iṣẹ́ ọnà òwú, sára aṣọ.

Láti ọjọ́ Àìkú ni ètò orí kọ̀ǹpútà tó ń ya iṣẹ́ náà ti kọ̀, tí kò ṣí mọ́. Iṣẹ́ báàjì aṣọ ilé-ìwé kan sì wà nílẹ̀ tó fẹ́ ṣe. Bí ilẹ̀ bá fi lè mọ́ tí kò tíì bẹ̀rẹ̀, àwọn ará Àkúrẹ́ ni yóò gba iṣẹ́ náà mọ́ ọn lọ́wọ́. Ó pe Benedict, ọmọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ tó ń ṣiṣẹ́ kọ̀ǹpútà l'Ékòó.

"Àǹtí, mo lè jókòó síbí kí n wọ inú kọ̀ǹpútà yín tún un ṣe. Áàpù kan lẹ máa fi síbẹ̀."

Áàpù tuntun dé, kọ̀ǹpútà ní òun kò mọ̀ ọ́n rí. Benedict wá ti àtijọ́ kan rí, ìyẹn wọlé wẹ́rẹ́. Àmọ́ òkè yí ṣọ́ọ̀bù Túnráyọ̀ ká, nẹ́tíwọ́ọ̀kì ń kú, ó ń jí.

Ta ni yóò jókòó máa wòran? Túnráyọ̀ gba ọ̀kadà méjì, ọ̀kan gbé kọ̀ǹpútà, èkejì gbé jẹnẹrétọ̀, ó di orí àpáta tí wọ́n ń sá kòkó sí. Ibẹ̀ ni nẹ́tíwọ́ọ̀kì ń gbé. Ó so fóònù kan mọ́ kọ̀ǹpútà, ó fi èkejì pe Benedict. Kò pẹ́, ọfà ojú kọ̀ǹpútà bẹ̀rẹ̀ sí í rìn fúnra rẹ̀! Inú Túnráyọ̀ dùn débi pé ó pariwo.

Ariwo yẹn ló gbé Ìyá Esther kúrò nídìí kòkó rẹ̀. Ó rí ọfà tó ń rìn láìsí ọwọ́ ẹnìkan níbẹ̀, ló bá fi ọwọ́ méjèèjì ki máòsì mọ́lẹ̀.

"Ó ń sá lọ o! Túnráyọ̀, bá mi dì í mú!"

Benedict ń fà á sọ́tùn-ún, Ìyá Esther ń fà á sósì.

"Àǹtí, ta ló ń bá mi jà níbẹ̀?"

"Ẹ fi í sílẹ̀, ìyá! Benedict ni! Ọmọ wa ló wà nínú ẹ̀!"

Ìyá Esther wo kọ̀ǹpútà títí. "Ṣé ó ti jẹun ṣá?"

Nígbà tó jọ̀wọ́ máòsì, Benedict tẹ ibí, ó tẹ ọ̀hún, ètò náà sì ṣí gbayawu. Báàjì yọ lójú kọ̀ǹpútà! Túnráyọ̀ jó, díẹ̀ ló kù kó tẹ kòkó oníkòkó mọ́lẹ̀.

"Àǹtí, bí mo ṣe ti wọlé yìí, ẹ jẹ́ kí n kúkú bá yín sọ ọ́ di Windows tuntun..."

Kò tíì sọ ọ́ tán tí Túnráyọ̀ fi fa wáyà fóònù yọ lára kọ̀ǹpútà.

"O káre, ọmọ mi," ó ní. "Mo ti tilẹ̀kùn."