Ọjọ́ Tí Mo Ní Bàbá Àgbà Ò Gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì

Kàfúrà ni àárọ̀ wa máa ń rùn nígbà náà. Kóòtù tí Bàbá Àgbà gbé láti Ìjẹ̀bú wá sí Dagenham nílùú Òyìnbó ló ń rùn bẹ́ẹ̀, òun ló sì ń wọ̀ lójoojúmọ́ láti mú mi lọ sílé ìwé, nítorí àwọn òbí mi á ti bá rélùwéè àárọ̀ lọ síbi iṣẹ́. Ọ̀gá ilé ìwé girama ló jẹ́ kó tó fẹ̀yìntì. Gẹ̀ẹ́sì ló ń kọ́ wọn. Báàgì mi á wà léjìká rẹ̀, á ní kí n máa sípẹ́lì orúkọ gbogbo òpópónà tí a bá kọjá ní àdúgbò Alibon. Tí mo bá ṣì í, bí òjò tilẹ̀ ń rọ̀, a ó dúró títí màá fi gbà á.

Nígbà tí ẹ̀kọ́ kan àwọn Gíríìkì àtijọ́, Mísì, tíṣà wa, ní ọmọkùnrin olówó kì í dá lọ sílé ìwé. Ẹrú kan, tó sábà máa ń jẹ́ arúgbó tí kò lágbára iṣẹ́ mìíràn mọ́, ló ń gbé ẹrù rẹ̀ tẹ̀ lé e, tó sì ń kọ́ ọ níwà.

Ryan tó jókòó tì mí pariwo pé, "Bíi bàbá àgbà ẹ!"

Kíláàsì bú sẹ́rìn-ín. Èmi ni mo rẹ́rìn-ín jù.

Mísì ò rẹ́rìn-ín ní tiẹ̀. Ó ní ṣé bàbá náà, tí kì í ṣe ju kó ṣí fìlà kí òun ní géètì lọ, lè wá sọ fún wa bí ilé ìwé ṣe rí nígbà tiẹ̀.

Mo ní, "Kò gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì, Mísì."

Lọ́sàn-án, nígbà tí Bàbá Àgbà wá mú mi, Mísì lọ bá a ní géètì. Ó ń pariwo Gẹ̀ẹ́sì, ó ń fọwọ́ ṣàpèjúwe: "Ọmọ. Yín. Dára. Gan-an!"

Bàbá Àgbà wò mí. Mo ń wo ilẹ̀. Ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó sì fi Yorùbá dáhùn pé, "Ẹ ṣé o, Mísì."

Lọ́nà, ó ní, "Àkànní, Gẹ̀ẹ́sì tíṣà yín ò burú. Ariwo ẹ̀ ló pọ̀." Ó tán nìyẹn. Yorùbá nìkan ló ń sọ ní géètì títí mo fi kúrò nílé ìwé náà. Kò dúró níwájú kíláàsì kankan mọ́ kó tó kú.

Lónìí, dókítà, ìyẹn ọ̀mọ̀wé, ni wọ́n ń pè mí ní yunifásítì. Mo lè fi odindi wákàtí kan sọ̀rọ̀ nípa ẹrú àwọn Gíríìkì yẹn, pẹ̀lú àwọn ọ̀rọ̀ gàgàrà tí n kò jẹ́ sọ lójú ìyá mi. Láìpẹ́ yìí, akẹ́kọ̀ọ́ kan béèrè bóyá àwọn ọmọ Gíríìkì fẹ́ràn arúgbó tó ń mú wọn lọ sílé ìwé. Mo nu awò ojú mi, mo ní ẹ̀rí ò tó láti fi sọ ọ́.

Ọmọ ọdún mẹ́sàn-án ló pa irọ́ ti àkọ́kọ́. Ojú ló ń tì í. Ta ni mo fẹ́ sọ pé ó pa irọ́ kejì yìí?