Ọjọ́ Tí Sinimá Bẹ̀rẹ̀ sí Bá Fleurie Sọ̀rọ̀

Ní ìlú Saint-Étienne, nílẹ̀ Faransé, ilé iṣẹ́ tí wọ́n ti ń hun rìbọ́ọ̀nù nìkan ni Zélie ti máa ń gbàgbé pé adití lòun. Ariwo òfì ibẹ̀ pọ̀ débi pé ọwọ́ ni gbogbo obìnrin fi ń bára wọn sọ̀rọ̀, àní ọwọ́ ni wọ́n fi ń ṣòfófó ọ̀gá. Ibẹ̀ ni Fleurie, ìyá rẹ̀, ti kọ́ èdè ọwọ́ tó fi tọ́ ọ dàgbà.

Fleurie ò mọ̀wé. Zélie mọ̀ ọ́n dáadáa, torí ó lọ ilé ìwé àwọn adití. Nítorí náà, lọ́sọ̀ọ̀sẹ̀, tí wọ́n bá jókòó nílé sinimá, tí ọ̀rọ̀ kíkọ bá jáde lójú aṣọ funfun, torí sinimá ìgbà yẹn kò tíì ń sọ̀rọ̀, Zélie á fọwọ́ tú u sínú àtẹ́lẹwọ́ ìyá rẹ̀ nínú òkùnkùn. Ìyá á rẹ́rìn-ín, á fi ìgbọ̀nwọ́ gbún un pé kó yára. Bí ayọ̀ kan bá wà tó jù bẹ́ẹ̀ lọ, èmi ò mọ̀ ọ́n.

Ìgbà tó yá, sinimá tó ń sọ̀rọ̀ dé. Pétronille, aládùúgbò wọn, ní òun ò ní débẹ̀ láéláé.

"Ẹni tí ò sí níbẹ̀ á máa sọ̀rọ̀? Iwin ni!"

"Iwin wo?" ni Fleurie dá a lóhùn. "Ìwọ tó o ń bá ológbò sọ̀rọ̀ láti àárọ̀ ńkọ́?"

Zélie ka ètè wọn, àmọ́ kò rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rù ń bà á. Bí àwòrán bá ti ń sọ̀rọ̀ fúnra rẹ̀, kí ni ìyá òun tún fẹ́ fi òun ṣe níbẹ̀?

"Màámi, ẹ máa lọ," ó fọwọ́ wí. "Èmi á dúró sílé."

"Dìde jàre! Ta ni kí n wá bá lọ, ológbò Pétronille? Bí wọ́n bá ṣe ń sọ ọ́, màá máa sọ ọ́ fún ẹ."

Wọ́n lọ. Fleurie kọ́kọ́ gbìyànjú lóòótọ́. Ọkọ ti dé, ó fọwọ́ wí. Ìyàwó ń purọ́. Àmọ́ ẹnu wọn yá ju ọwọ́ arúgbó lọ. Nígbà tó ṣe, ọwọ́ náà dúró jẹ́ẹ́ nínú ọwọ́ Zélie.

Zélie fẹ́ fà á kó lè rántí òun. Ó kọ́kọ́ wojú ìyá rẹ̀. Fleurie lanu sílẹ̀, omijé ń ṣàn lẹ́rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Láti ọjọ́ tó ti ń wo sinimá, èyí nìkan ló tíì dé ọ̀dọ̀ rẹ̀ láìgba ọwọ́ ẹlòmíì kọjá.

Ó dun Zélie dọ́kàn. Inú rẹ̀ sì tún dùn, kò mọ èyí tó pọ̀ jù nínú méjèèjì. Kò fa ọwọ́ náà. Ó yíra padà kúrò níbi aṣọ funfun, ojú ìyá rẹ̀ ló sì ń wò títí wọ́n fi tanná.